Bí Ilé Ẹjọ́ Kòtẹ́milọ́rùn ṣe ń da ẹjọ́ nù nígbà tí ẹni tó ni ín kò yọjú

Ẹni tí ìdájọ́ Ilé Ẹjọ́ Gíga Ìpínlẹ̀ Ògùn ní Abẹ́òkúta kò bá tẹ́ lọ́rùn, Ìbàdàn ni ẹjọ́ rẹ̀ ń gbà lọ, nítorí ẹ̀ka Ilé Ẹjọ́ Kòtẹ́milọ́rùn tó wà níbẹ̀ ló ń gbọ́ ẹjọ́ Ìpínlẹ̀ Ògùn. Bó bá jẹ́ ẹjọ́ ilẹ̀ tí wọ́n ti dá tán, oṣù 3 ni òfin fún un láti pẹ̀jọ́. Ọ̀pọ̀ ènìyàn gbà pé lẹ́yìn èyí, kí wọ́n ṣáà má pa ọjọ́ ìgbẹ́jọ́ jẹ ló kù. Èrò yìí ti ba ẹjọ́ tó lẹ́sẹ̀ nílẹ̀ jẹ́.

Inú ìwé ni wọ́n ti ń ro ẹjọ́ ní kòtẹ́milọ́rùn. Akọ̀wé kóòtù ní ọjọ́ 60 láti kó àkọsílẹ̀ ẹjọ́ jọ kí ó sì fi ránṣẹ́. Bí kò bá ṣe é, ẹni tó pẹ̀jọ́ ní ọjọ́ 30 sí i láti ṣe é fúnra rẹ̀. Lẹ́yìn èyí, ó ní ọjọ́ 45 láti fi ìwé àròyé tí àwọn lọ́yà ń pè ní bírífù sílẹ̀, ẹnì kejì sì ní ọjọ́ 30 láti fèsì.

Bí ọjọ́ ìgbẹ́jọ́ bá wá pé, tí akọ̀wé ké nọ́ńbà ẹjọ́ tí ẹnikẹ́ni kò dìde, fáìlì ni àwọn adájọ́ máa kọ́kọ́ ṣí. Wọ́n ń wá ẹ̀rí pé báílíìfù ti fi ìwé ìpè jíṣẹ́. Bí ẹ̀rí yẹn kò bá sí, wọn kò gbọdọ̀ tẹ̀ síwájú, torí pé abala 36 òfin orílẹ̀-èdè ti 1999 fún olúkúlùkù ní ẹ̀tọ́ pé kí wọ́n gbọ́ tẹnu rẹ̀. Ṣùgbọ́n ìwé tí wọ́n bá fi lé lọ́yà lọ́wọ́ ti tó. Nítorí náà, ẹni tó bá bá lọ́yà rẹ̀ jà lórí owó iṣẹ́, tó wá jókòó sílé ní Ìtókò láìfi tó kóòtù létí, ọ́fíìsì lọ́yà yẹn náà ni ìwé ìpè á ṣì máa lọ, wọ́n á sì kà á sí pé ó ti gbọ́.

Bí ìwé ìpè bá ti dé, tí bírífù ìhà méjèèjì sì wà nínú fáìlì, àìwá nìkan kò pa ẹjọ́: òfin ìgbẹ́jọ́ kóòtù náà ní kí wọ́n kà á sí èyí tí wọ́n ti rò, wọ́n á sì lọ kọ ìdájọ́. Ibi tí ewu wà ni kí bírífù ẹni tó pẹ̀jọ́ má sí níbẹ̀. Ẹnì kejì lè ní kí wọ́n da ẹjọ́ náà nù, kóòtù fúnra rẹ̀ sì lè ṣe bẹ́ẹ̀.

Ìyàtọ̀ tó yẹ kí ènìyàn mọ̀ wà níhìn-ín. Ẹjọ́ tí wọ́n kàn yọ kúrò nínú àkójọ, wọ́n lè bẹ kóòtù kó dá a padà; èyí tí wọ́n dà nù nítorí àìfi bírífù sílẹ̀ ti parí ní kóòtù yẹn, gẹ́gẹ́ bí Ilé Ẹjọ́ tó ga jù lọ ti sọ ọ́ nínú ẹjọ́ Olowu àti Abolore ní 1993. Àfi bí ìwé ìpè kò bá dé ọ̀dọ̀ rẹ̀ rárá, tàbí tí bírífù ti wọlé lásìkò àmọ́ tí kò dé inú fáìlì. Ẹ̀dà tí kóòtù lu òǹtẹ̀ àti ọjọ́ sí, tó wà lọ́wọ́ ẹni tó pẹ̀jọ́, ni yóò fi hàn wọ́n nígbà náà.