Kí ni olùdarí jọ́nrà ń ṣe? Iṣẹ́ Ernest Dickerson ní sinimá àti tẹlifíṣọ̀n

Bí ẹ bá ń tẹ̀lé ìròyìn fíìmù ilẹ̀ Amẹ́ríkà, ẹ ó ti rí i pé wọ́n máa ń pe àwọn kan ní olùdarí jọ́nrà. Jọ́nrà ni ẹ̀yà tí ìtàn kan wà: ìtàn ìfẹ́, ìtàn ọ̀daràn, ìtàn kọ́bọ̀ì, ìtàn ogun. Nígbà tó jẹ́ pé gbogbo fíìmù ló ní ẹ̀yà tirẹ̀, èèyàn lè ní kò sí olùdarí tí kì í ṣe ti jọ́nrà. Ṣùgbọ́n lẹ́nu àwọn tó ń fi fíìmù jẹun, ohun tí wọ́n ń tọ́ka sí kò fẹ̀ tó bẹ́ẹ̀: fíìmù ẹlẹ́rù, fíìmù àwọn ẹ̀dá tó ti inú ayé mìíràn wá, fíìmù iwin àti idán, àti fíìmù ọ̀daràn tí kì í jẹ́ kí ọkàn ẹni balẹ̀. Olùdarí jọ́nrà ni ẹni tó fi irú ìtàn wọ̀nyí ṣe iṣẹ́ ayé rẹ̀.

Àwọn kan máa ń dárúkọ rẹ̀ bí ẹni pé iṣẹ́ àwọn tí kò rí iṣẹ́ gidi ṣe ni. Mi ò gbà bẹ́ẹ̀ rárá. Iṣẹ́ tó ṣòro ni, nítorí pé òǹwòran ti mọ ohun tó ń bọ̀ kó tó jókòó. Ẹ wo àlọ́ Ìjàpá. Kí apàlọ́ tó dé ìdajì ni ọmọdé ti mọ̀ pé Ìjàpá yóò dá ọgbọ́n àrékérekè kan, pé ọgbọ́n náà ni yóò sì gbé e dè. Síbẹ̀ kò dìde. Bí ọwọ́ yóò ṣe tẹ Ìjàpá ló jókòó gbọ́. Bẹ́ẹ̀ ni ọ̀rọ̀ ẹni tó sanwó wo fíìmù ẹlẹ́rù ṣe rí. Ó mọ̀ pé nǹkan burúkú wà nínú ilé náà. Bí olùdarí bá gbé e jáde ní àkókò tó ń retí rẹ̀ gan-an, kò ní já láyà. Bí kò bá sì gbé e jáde rárá, yóò ní wọ́n rẹ́ òun jẹ. Àárín méjèèjì yìí ni olùdarí jọ́nrà ti ń ṣiṣẹ́.

Ohun tó sì ní lọ́wọ́ kò pọ̀: ibi tí kámẹ́rà dúró sí, ìmọ́lẹ̀, ìró, bí òṣèré ṣe ń rìn tó sì ń sọ̀rọ̀, àti bí àwòrán kan yóò ṣe pẹ́ tó lójú kí wọ́n tó gé e. Ká ní obìnrin kan ń rìn bọ̀ nínú ọ̀dẹ̀dẹ̀ tó ṣókùnkùn. Bí kámẹ́rà bá wà lẹ́yìn ọrùn rẹ̀, ohun tó rí náà la rí, àwa àti òun la jọ ń bẹ̀rù. Bí kámẹ́rà bá lọ dúró sí ìkángun ọ̀dẹ̀dẹ̀ tó kọjú sí i, ó ti dà bí ẹni pé àwa là ń lúgọ dè é. Ìtàn kò yí padà, òṣèré kò sọ ju ohun tó sọ tẹ́lẹ̀ lọ, ṣùgbọ́n ẹ̀rù inú rẹ̀ ti di òmíràn.

Ẹni tí mo fẹ́ fi ṣe àpẹẹrẹ ni Ernest Dickerson, nítorí pé ó ti ṣe iṣẹ́ yìí ní sinimá, ó sì tún ti ṣe é ní tẹlifíṣọ̀n. Wọ́n bí i ní 1951 ní ìlú Newark, ìpínlẹ̀ New Jersey. Iṣẹ́ yíya àwòrán ilé ló kọ́ ní Yunifásítì Howard, kó tó lọ sí ilé-ẹ̀kọ́ fíìmù ti Yunifásítì New York, níbi tí òun àti Spike Lee, tó wá di olùdarí fíìmù olókìkí, ti pàdé. Ọ̀gá onikámẹ́rà ló kọ́kọ́ jẹ́. Ní 1984 ó ya The Brother from Another Planet fún olùdarí John Sayles, ìtàn ẹ̀dá aláwọ̀ dúdú kan láti ayé mìíràn, tí kò lè sọ̀rọ̀, tó sì bá ara rẹ̀ ní Harlem, àdúgbò àwọn aláwọ̀ dúdú ní ìlú New York. Lẹ́yìn èyí, òun ló ya àwọn fíìmù Spike Lee láti 1986 títí dé Malcolm X ní 1992. Nínú Do the Right Thing, tó jáde ní 1989, ìtàn náà wáyé ní Brooklyn lásìkò tí oòrùn ń jó gbogbo àdúgbò. Àwọ̀ pupa àti àwọ̀ ọsàn ni wọ́n fi kún ojú fíìmù náà, débi pé ooru yẹn ń bá ẹni tó jókòó sábẹ́ ẹ̀rọ amúlétutù. Ẹni tó lè fi àwọ̀ mú èèyàn làágùn kò ní pẹ́ mọ bí a ṣe ń fi òkùnkùn mú un gbọ̀n.

Juice ni fíìmù àkọ́kọ́ tí òun fúnra rẹ̀ darí, ní 1992: àwọn ọmọkùnrin mẹ́rin ní Harlem tí ìbọn wọ àárín wọn. Omar Epps àti Tupac Shakur ló kó ipa pàtàkì. Ibì kan wà nínú rẹ̀ tí ẹni tó bá wò ó kì í gbàgbé. Ọ̀dọ́mọkùnrin tí Omar Epps ṣe ṣí kọ́bọ́ọ̀dù rẹ̀ ní iléèwé, ó pa á dé, Tupac sì ti dúró síbẹ̀, níbi tí ìlẹ̀kùn ti bò ó tẹ́lẹ̀. Ìtàn ọ̀daràn ni, kò sí iwin, kò sí àǹjọ̀nú, ṣùgbọ́n ọgbọ́n fíìmù ẹlẹ́rù pọ́ńbélé ni Dickerson lò níbẹ̀. Ọ̀rẹ́ àtijọ́ di ohun tí à ń sá fún, láìsí pé ẹnikẹ́ni ṣàlàyé fún wa pé ó ti yí padà. Èyí ni mo fi ń sọ pé jọ́nrà kì í ṣe àpò tí wọ́n ń ju fíìmù sí. Ọgbọ́n ọwọ́ ni, ẹni tó bá ní in lè gbé e kúrò nínú ìtàn kan lọ sí òmíràn.

Ó darí Demon Knight ní 1995, fíìmù tó wá láti inú eré tẹlifíṣọ̀n ẹlẹ́rù Tales from the Crypt. Àwọn àlejò há sínú ilé kan, àwọn ẹ̀mí èṣù sì yí wọn ká. Ẹni tó wá ṣẹ́gun níkẹyìn ni obìnrin aláwọ̀ dúdú kan tí Jada Pinkett ṣe. Láyé ìgbà yẹn, nínú fíìmù ẹlẹ́rù Amẹ́ríkà, aláwọ̀ dúdú kì í sábà pẹ́ kú, nítorí náà ohun ńlá ni.

Ọ̀nà tó gbà yìí kì í ṣe àjèjì sí wa. Túndé Kèlání náà ti di kámẹ́rà mú fún ọ̀pọ̀ ọdún kó tó darí Ti Olúwa Nilẹ̀ ní 1993, nígbà tó sì di 2001 ó gbé mágùn wọ inú fíìmù.

Tẹlifíṣọ̀n ni ọ̀rọ̀ ti yí padà. Nínú fíìmù sinimá, olùdarí ló sábà máa ń ní ojú tí a fi ń wo ìtàn. Nínú eré tẹlifíṣọ̀n alátẹ̀léra, ẹni tí wọ́n ń pè ní showrunner ló ni ín, ìyẹn òǹkọ̀wé àgbà tó tún jẹ́ ọ̀gá gbogbo iṣẹ́ náà, nítorí pé òun ló mọ ibi tí ìtàn ń lọ láti oṣù dé oṣù. Olùdarí máa ń wá fún ìpín kan tàbí méjì ni. Òun àti àwọn òǹkọ̀wé á jókòó ka ìwé eré lójú ìwé kọ̀ọ̀kan, kí wọ́n lè sọ fún un ibi tó ti gbọ́dọ̀ dunni àti ibi tó ti gbọ́dọ̀ panilẹ́rìn-ín. Lẹ́yìn tó bá yà á tán, àdéhùn ẹgbẹ́ àwọn olùdarí, Directors Guild of America, fún un ní ọjọ́ 4 láti to ìpín oníwákàtí kan bó ṣe fẹ́. Fíìmù sinimá ńlá máa ń gba ọ̀sẹ̀ 10 ó kéré tán. Kí ọjọ́ 4 yẹn pé ló kù, iṣẹ́ ti bọ́ sọ́wọ́ showrunner, ó sì lè tún un gé. Ẹni tó bá darí ìpín àkọ́kọ́ nìkan ló máa ń ní agbára jù bẹ́ẹ̀ lọ, torí pé ojú tó bá fi wo ìtàn ni àwọn tó kù yóò máa tẹ̀ lé. Frank Darabont ló ṣe ìyẹn ní 2010 fún The Walking Dead, eré nípa àwọn èèyàn díẹ̀ tó ń sá fún òkú tó ń rìn.

Ṣé ọwọ́ olùdarí wá lè hàn nínú iṣẹ́ tí kì í ṣe tirẹ̀? Ó lè hàn dáadáa. Dickerson ti wà nínú The Walking Dead láti sáà kìíní, òun ló sì darí ìpín tó ṣí sáà kẹta, "Seed", ní oṣù kẹwàá 2012. Bí ìpín náà ṣe bẹ̀rẹ̀, ẹnì kankan kò sọ̀rọ̀ títí orúkọ eré fi jáde. Àwọn tó ń sá fún òkú náà já wọ ilé kan, wọ́n yẹ yàrá wò lọ́kọ̀ọ̀kan, wọ́n ń fi ojú àti ọwọ́ pàṣẹ fún ara wọn. Ọmọdékùnrin tí a fi sílẹ̀ ní sáà kejì ti di ẹni tó ń di ìbọn mú bí ọmọ ogun. Ikùn ìyá rẹ̀ ti yọ gan-an. Ọmọ náà rí agolo oúnjẹ ajá, ó ṣí i, ebi ń pa á. Bàbá rẹ̀ gbà á, ó sì sọ ọ́ nù. Nínú ìṣẹ́jú díẹ̀ yẹn a mọ̀ pé oṣù púpọ̀ ti kọjá, pé ebi ti pa wọ́n, pé wọ́n ti le bí òkúta, àti pé bàbá yìí ṣì ní ohun tí ìtìjú kò ní jẹ́ kó gbà. Òǹkọ̀wé lè kọ ọ́ sínú ìwé pé kí gbogbo wọn dákẹ́. Kí ìdákẹ́jẹ́ náà má súni, kó sì sọ gbogbo èyí, ọwọ́ ẹni tó ń to ibi tí kálukú dúró sí àti ohun tí à ń kọ́kọ́ rí ló wà.

Irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ nílò ìṣirò pẹ̀lú. Àwọn tó ń ṣe òkú tó ń rìn máa ń jókòó fún wákàtí gígùn lábẹ́ ọwọ́ àwọn tó ń kun ojú wọn, ilẹ̀ sì ń ṣú. Olùdarí tí kò bá ti mọ àwòrán tó fẹ́ kí ojúmọ́ tó mọ́ yóò fi owó ilé-iṣẹ́ ṣòfò, wọn kò sì ní pè é mọ́. Wọ́n ń pe Dickerson padà. Ó ti darí The Wire lọ́pọ̀ ìgbà, ó darí Dexter, Treme àti Bosch. Bí iṣẹ́ yìí ṣe ń gbèrú nìyẹn: ẹni tó bá ti bá ọ ṣiṣẹ́ rí ló ń rántí rẹ. Michelle MacLaren, tó jẹ́ ọ̀kan lára àwọn tó ń gbé eré tẹlifíṣọ̀n The X-Files jáde, kọ́kọ́ darí ìpín kan níbẹ̀ ní 2002. Vince Gilligan wà lára àwọn òǹkọ̀wé eré yẹn. Nígbà tí Gilligan wá dá eré tirẹ̀, Breaking Bad, sílẹ̀, MacLaren wà lára àwọn tó fa iṣẹ́ lé lọ́wọ́, láti ibẹ̀ ló sì dé Game of Thrones.