Ewé Méjì Tó Dá Ìjọ Méjì Sílẹ̀: Bí Ìwé Mímọ́ Inú Àròsọ Ṣe Ń Ṣiṣẹ́

Bí òǹkọ̀wé ṣe ń sọ òrìṣà ayé àròsọ lórúkọ, bó ṣe ń ya àwòrán ilẹ̀ ibẹ̀, àti ìdí tí ìmọ́lẹ̀ fi ń bá òkùnkùn jà, gbogbo ìyẹn ti sú ayé. Ẹ jẹ́ ká fò ó. Ohun tó yẹ ká jókòó tì ni bí ìwé mímọ́ inú irú ayé bẹ́ẹ̀ ṣe ń ti ọwọ́ kan bọ́ sí òmíràn.

Ọ̀pọ̀ ló rò pé ọ̀rọ̀ ńláńlá ló ń sọ ìwé di mímọ́. Wọn á kó "ògo" àti "ayérayé" àti "kíyè sí i" jọ sójú ewé kan, wọn á wá máa retí kí òǹkàwé wárí. Irọ́ gbáà. Ohun tó ń jẹ́ ká gbà pé àwọn èèyàn kan ti forí balẹ̀ fún ìwé rí ni àpá ọwọ́ tó wà lára rẹ̀: epo tó ta sí etí ewé, ìlà tí ẹnì kan há sáàárín ìlà méjì, ewé tó sọnù tí wọ́n fi òmíràn dí àyè rẹ̀.

Ẹni tó ń kọ irú ìtàn yìí ní Kubwa l'Ábújá tàbí ní Ìlọrin kò ní láti rìn jìnnà kó tó rí àwòṣe. Ní ilé-kéwú, wàláà, ìyẹn pákó ìkọ̀wé, ni ọmọ fi ń bẹ̀rẹ̀. Wọ́n á fi tàdáwà, ìyẹn yíǹkì, kọ ẹsẹ Àlùkùránì sórí rẹ̀, ọmọ á kà á títí á fi mọ́ ọn lórí, wọ́n á fọ̀ ọ́, wọ́n á kọ òmíràn sí i. Àwọn kan tún ń mu omi tí wọ́n fi fọ̀ ọ́, ìyẹn hàntú. Ní ti ìwé àfọwọ́kọ ilẹ̀ Hausa àti Borno, wọn kì í sábà rán an pọ̀ lẹ́yìn. Ewé rẹ̀ wà lọ́tọ̀ọ̀tọ̀ nínú àpò awọ tí àwọn Hausa ń pè ní gafaka. Ó bọ́gbọ́n mu: akẹ́kọ̀ọ́ mẹ́rin lè mú ewé mẹ́rin lára ìwé kan ṣoṣo, kí kálukú máa da tirẹ̀ kọ lẹ́ẹ̀kan náà.

Kí ló wá ń jẹ́ kí ewé mọ ipò rẹ̀? Ní ìsàlẹ̀ ojú ewé, akọ̀wé á kọ ọ̀rọ̀ tó bẹ̀rẹ̀ ewé tó kàn, kó máa ṣe atọ́nà. Bí afẹ́fẹ́ ọyẹ́ bá fọ́n gbogbo rẹ̀ ká, ẹni tó ń ṣà á jọ á máa fi ìsàlẹ̀ ewé kan wá orí òmíràn. Kò sí nọ́ńbà, kò sí okùn. Ọgbọ́n náà dùn mọ́ni. Àléébù kan ló ní, òun gan-an sì ni òǹkọ̀wé àròsọ ń wá.

Ẹ jẹ́ ká hun ìwé kan wò, ká pè é ní Ìwé Àtùpà. Ìlú tó ni ín wà nínú kòtò àpáta tí oòrùn kì í dé; epo ni wọ́n fi ń rí ojú ara wọn. Oríkì ìmọ́lẹ̀ ni ìwé náà láti òkè délẹ̀, ọ̀rọ̀ kan náà ló sì ń bẹ̀rẹ̀ ẹsẹ lọ́pọ̀ ìgbà. Ó wá bọ́ sí i pé ewé mẹ́ta tó tẹ̀ léra, "Àtùpà" ló bẹ̀rẹ̀ mẹ́tẹ̀ẹ̀ta. Ọ̀kan kà báyìí: "Àtùpà kò bi ẹnikẹ́ni léèrè kó tó tàn fún un." Òmíràn ní: "Àtùpà ń jẹun, ẹni tí kò bá mú epo wá, kó jókòó sókùnkùn." Ẹ̀kẹta, ọ̀rọ̀ ìsìnkú ni, kò kàn wá. Bí méjì àkọ́kọ́ bá gba ipò ara wọn, atọ́nà ìsàlẹ̀ ewé ò ní í fura, torí "Àtùpà" ló ń pè níbi gbogbo. Ó dà bí ẹni tó dúró ní Berger l'Ábújá, tí kọ̀ndọ́ bọ́ọ̀sì méjì jọ ń pariwo "Nyanya! Nyanya!" Kò sí èyí tó purọ́. Ọ̀kan á já èrò sílẹ̀ ní Nyanya, èkejì á gba ibẹ̀ kọjá lọ sí Mararaba, ẹni tó bá sùn lọ nínú rẹ̀ á sì jí sí ìpínlẹ̀ Nasarawa. Tó bá fẹ́ jà, kọ̀ndọ́ á bi í pé ṣé òun ò pe Nyanya ni.

Bí ewé tí kò bi ẹnikẹ́ni léèrè bá ṣáájú, ọ̀fẹ́ ni ìmọ́lẹ̀, epo tí èèyàn ń mú wá sì di ọpẹ́. Bí ewé epo bá ṣáájú, owó-orí ni. Ọ̀fẹ́ tó tẹ̀ lé e wá di ti àwọn tó ti sanwó. Lẹ́tà kan ò yí padà. Síbẹ̀ ìjọ kan ò gba kọ́bọ̀ lẹ́nu ọ̀nà, ìjọ kejì ní agbowó-epo, ẹ̀ṣọ́, àti ọgbà ẹ̀wọ̀n tí kò ní àtùpà.

Ẹni tó bá mọ ilé-kéwú á béèrè kíá pé: àwọn tó mọ ìwé náà sórí ńkọ́? Ìbéèrè gidi ni. Àlùkùránì wà lórí ọ̀pọ̀ èèyàn láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin; bí ewé bá ṣì, àfáà á ti dá a padà sípò kí ẹnu tó pa dé. Orí èèyàn ló ń ṣọ́ ìwé, òjò ni àpò awọ ń gbà á lọ́wọ́ rẹ̀. Nítorí náà, òǹkọ̀wé gbọ́dọ̀ sọ ìdí tí Ìwé Àtùpà kò fi sí lórí ẹnikẹ́ni. Ọ̀lẹ á ní àjàkálẹ̀ àrùn ló pa àwọn tó mọ̀ ọ́n tán. Ó sàn kí ìdí náà ti inú ìwé fúnra rẹ̀ wá: èèwọ̀ ni kí ẹnikẹ́ni ké e nínú òkùnkùn. Àtùpà gbọ́dọ̀ máa jó kí èèyàn tó lanu. Epo sì wọ́n, ta ló fẹ́ ké e léraléra títí á fi mọ́ ọn lórí? Ọ̀wọ̀ tí wọ́n bù fún ìwé náà ló tú u sílẹ̀ fún àṣìṣe. Èyí ló wù mí jù nínú gbogbo rẹ̀, torí kò sẹ́ni burúkú kankan níbẹ̀.

Àlàyé tí wọ́n ń kọ sétí ewé tàbí sáàárín ìlà ló kù. Àlùkùránì àfọwọ́kọ kan wà láti Borno, láti ọdún 1669, tí wọ́n kọ àlàyé sí àárín ìlà rẹ̀ ní èdè Kanembu àtijọ́. Irú èdè náà ṣì wà lẹ́nu àwọn onímọ̀ tó ń túmọ̀ Àlùkùránì ní Borno, ṣùgbọ́n ẹni tó ń fi Kanuri, èdè ojoojúmọ́ ibẹ̀, nájà kò gbọ́ ọ. Àlàyé wá di ohun tó ń fẹ́ alálàyé. Ìlà méjì irú rẹ̀ létí ewé Ìwé Àtùpà tó láti fi hàn pé ìwé ti gbó. Òǹkọ̀wé tó bá tẹ odidi ìwé náà síwájú òǹkàwé ti gba iṣẹ́ ìméfò lọ́wọ́ rẹ̀.

Lọ́jọ́ kan ṣá, akọ̀wé kékeré kan á dábàá pé kí wọ́n fi nọ́ńbà sí ewé kí ìjà lè tán. Ìjọ méjèèjì á jọ lé e kúrò nílùú, torí nọ́ńbà wo ni wọ́n fẹ́ kọ sórí ewé epo?