Kí ẹ tó túmọ̀ ọ̀rọ̀ tó ṣọ̀wọ́n, ẹ kọ́kọ́ gbọ́ ohùn rẹ̀

Akẹ́kọ̀ọ́ kan tó ń kọ́ṣẹ́ ògbufọ̀ lọ́dọ̀ mi pàdé gbólóhùn yìí: "Ìjẹta ni mo san owó náà." Ó túmọ̀ rẹ̀ sí ọjọ́ mẹ́ta sẹ́yìn. Kò rí bẹ́ẹ̀. Ọjọ́bọ̀ ni obìnrin tó ni ọ̀rọ̀ sọ ọ́, ọjọ́ Ìṣẹ́gun ló sì sanwó. Àwọn àgbà máa ń ka ọjọ́ tí wọ́n wà mọ́ ọn: òní jẹ́ ọ̀kan, àná jẹ́ èjì, ìjẹta jẹ́ ẹ̀ta. Bẹ́ẹ̀ náà ni ìdúnta: ọdún yìí, èṣí, ìdúnta. Ẹni tó bá sọ ọ́ ní 2025, ọdún 2023 ló ń wí. Ìtàdógún gan-an, tí àwọn ẹlẹ́gbẹ́ fi ń ka ọjọ́ ìpàdé wọn, ń tọ ọ̀nà yìí. Ẹ̀tàdínlógún ló wà nínú orúkọ rẹ̀, àmọ́ ọjọ́ mẹ́rìndínlógún ló ń kọjá láàárín ìpàdé kan sí èkejì, ìyẹn ọ̀sẹ̀ ọlọ́jọ́ mẹ́rin lọ́nà mẹ́rin, torí wọ́n ti ka ọjọ́ ìpàdé àkọ́kọ́ mọ́ ọn. Ó máa ń dùn mí tí wọ́n bá ní àwọn baba wa ò mọ ìṣirò. Ìṣirò wà níbẹ̀. Àwa la ò bèèrè ibi tí wọ́n ti bẹ̀rẹ̀ kíkà.

Pípè wá ńkọ́? Ẹ jẹ́ ká mú irú gbólóhùn tó máa ń wà nínú ìwé àtijọ́: "O ju oko si i, o si gun u li aiya." Kò sí àmì kankan lórí oko. Ẹni tó bá yára á kà á sí òkò, nítorí òkò la máa ń jù. Ṣùgbọ́n òkò kì í gúnni. Ọ̀kọ̀ ni, ohun ìjà ẹlẹ́nu ṣóńṣó tí àwọn jagunjagun ń jù. Dò dò ni ohùn méjèèjì, fáwẹ́lì ló yà wọ́n. Tí ẹ bá wá gbé sílébù àkọ́kọ́ ọ̀kọ̀ sókè sí re, ọkọ̀ tí à ń wọ̀ lẹ dà á. Aiya ní tirẹ̀ kì í ṣe ọ̀rọ̀ àjèjì rárá: àyà ni. Akọtọ́, ìyẹn ìlànà kíkọ èdè Yorùbá sílẹ̀, tí ìjọba fọwọ́ sí ní 1974 ló yọ "i" inú rẹ̀ kúrò, bó ṣe sọ aiye di ayé, tó sì sọ ẹiyẹ di ẹyẹ. Ẹ má pe "i" yẹn.

Àwọn ọ̀rọ̀ mìíràn ṣọ̀wọ́n nínú ìtumọ̀ nìkan. Gbogbo wa là ń sọ "ọ̀kẹ́ àìmọye", ṣùgbọ́n ọ̀kẹ́ ní iye: ẹgbàá mẹ́wàá, ìyẹn 20,000, látinú àpò tí wọ́n ń kó owó ẹyọ sí. Dò mí ni ohùn rẹ̀. Ẹ tẹ́tí sí ohùn mí yẹn dáadáa: nígbà tó jẹ́ pé ẹ̀yìn dò ló wà, ńṣe ló máa ń gòkè díẹ̀díẹ̀ láti ìsàlẹ̀, kì í fò sókè lẹ́ẹ̀kan náà.

Tó bá jẹ́ inú ìwé tí kò lámì lẹ ti rí ọ̀rọ̀, tí ẹ ò sì tíì gbọ́ ọ lẹ́nu ẹnikẹ́ni, ẹ dà á kọ bẹ́ẹ̀ láìfi àmì sí i. Tí ẹ bá fi àbá yín sí i, ẹni tó máa kà á lẹ́yìn yín ò ní mọ̀ pé àbá ni.