Iná tó ń rìn lójú ọ̀run Àkúrẹ́

Ẹni tó bá jókòó síta ní Ọ̀bà-Ilé lálẹ́, nígbà tí wọ́n ti mú iná lọ, lè rí ohun tí yóò mú un dìde lórí àga: iná wínníwínní tí wọ́n tò tẹ̀léra bí ìlẹ̀kẹ̀ tí a sín sókùn, wọ́n ń lọ kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́. Kó tó pe ará ilé jáde, wọ́n ti ń pòórá lọ́kọ̀ọ̀kan níbi tí kò sí ìkùukùu kankan.

Sátẹ́láìtì Starlink ni, àwọn ẹ̀rọ tó ń yí ayé po lókè láti pín íntánẹ́ẹ̀tì. Rọ́kẹ́ẹ̀tì kan ló ń kó ọ̀pọ̀ wọn lọ lẹ́ẹ̀kan náà. Bí àpẹẹrẹ, 60 ni wọ́n kó gòkè lẹ́ẹ̀kan lóṣù Karùn-ún 2019. Ìgbà tí wọ́n bá ṣẹ̀ṣẹ̀ débẹ̀ ni wọ́n ń tò bẹ́ẹ̀, kí kálukú tó gba ààyè rẹ̀ lọ ní nǹkan bíi kìlómítà 550 sókè.

Iná tí à ń rí yẹn kì í ṣe tiwọn. Oòrùn tó ti wọ̀ lójú wa nílẹ̀ kò tíì wọ̀ fún wọn lókè lọ́hùn-ún. Òun ló ń tàn sí wọn lára, tí wọ́n ń dá a padà sí wa. Bí wọ́n bá ti wọ inú òjìji ayé báyìí, ó parí. Gbọnrangandan ni oòrùn máa ń wọ̀ níhìn-ín, kì í fì bíi ti Yúróòpù. Nítorí náà, tó bá ti tó wákàtí kan àtààbọ̀ tí oòrùn ti wọ̀, òjìji yẹn ti bo ohun tó wà ní gíga yẹn lókè orí wa gan-an. Iná tó bá ń kọjá lókè orí ní ọ̀gànjọ́, tó ń ṣẹ́jú pupa, ọkọ̀ òfuurufú ni kí a kọ́kọ́ fura sí.

Èyí tí kì í rìn ló ń dẹ́rù ba awakọ̀. Ẹni tó ń lọ sí Òǹdó láti Àkúrẹ́ ní ìrọ̀lẹ́ yóò ní iná funfun kan ń tẹ̀ lé òun lẹ́yìn igi. Àgùàlà ni, pílánẹ́ẹ̀tì Venus, tí àwọn àgbà ń pè ní ajá òṣùpá. Ó jìnnà débi pé igi ń kọjá, òun ò kúrò. Ìkùukùu tó nípọn ló bò ó, ìyẹn ló ń dá nǹkan bí ìdá mẹ́ta nínú mẹ́rin ìmọ́lẹ̀ oòrùn padà. Kì í jìnnà sí oòrùn, torí náà kò sí ẹni tó lè rí i níhìn-ín ní aago méjìlá òru. Ẹni tó bá ní òun rí i nígbà náà, nǹkan mìíràn ló rí.

Ti ìràwọ̀ tó ń já kò le: òkúta tí ọ̀pọ̀ wọn ò ju iyanrìn lọ ni, eré burúkú tó ń sá wọ afẹ́fẹ́ ló ń jó o. Òru ọjọ́ 13 mọ́ 14 oṣù Kejìlá ni wọ́n máa ń já lọ́pọ̀, bí eruku ọyẹ́ ò bá bo ojú ọ̀run.