Bí a ṣe ń dáko ní àkùrọ̀ láìpa irà

Ẹni tó bá rí ilẹ̀ irà tó sì fẹ́ fi dáko, ohun tó kọ́kọ́ máa ń wá sí i lọ́kàn ni bí yóò ṣe fa omi ibẹ̀ gbẹ. Omi tó fẹ́ lé lọ yẹn gan-an ló sì sọ ilẹ̀ náà di ọlọ́ràá.

Níbi tí omi bá ti bo ilẹ̀, afẹ́fẹ́ kì í ráyè wọ inú rẹ̀. Àwọn kòkòrò tí ojú lásán kò lè rí, tó ń jẹ ewé àti gbòǹgbò tó ti kú, kò sì lè yára ṣiṣẹ́ láìsí afẹ́fẹ́. Jíjẹrà á wá falẹ̀. Ewé ọdún yìí á gorí ti èṣí, títí gbogbo rẹ̀ á fi di ilẹ̀dú. Omi tó ń ṣàn wọ irà náà kì í dá wá: ó ń gbé ẹrẹ̀ kíkúnná bọ̀ láti òkè, bí koríko bá sì ti dín eré rẹ̀ kù, ẹrẹ̀ náà á rọ̀ sílẹ̀. Nítorí omi àti ọ̀rá yìí ni àkùrọ̀ fi ń so nígbà ẹ̀ẹ̀rùn, nígbà tí ilẹ̀ òkè ti gbẹ táútáú.

Ká ní wọ́n wá gbẹ́ kòtò jíjìn la irà yìí láàárín. Omi á sá lọ, afẹ́fẹ́ á wọlé, ilẹ̀dú tó ti ń kó jọ láti ọ̀pọ̀ ọgọ́rùn-ún ọdún á sì bẹ̀rẹ̀ sí í jẹrà kíákíá. Ọdún díẹ̀ àkọ́kọ́ lè dùn ún wò, nítorí jíjẹrà yẹn ń tú oúnjẹ sílẹ̀ fún irúgbìn. Àgbẹ̀ ń jẹ olú-owó, ó rò pé èrè lòun ń jẹ. Ní Holme Fen, ní ìlà oòrùn ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, wọ́n ri òpó kan mọ́lẹ̀ ní nǹkan bí ọdún 1851, nígbà tí wọ́n ń fa omi ibẹ̀ gbẹ. Orí òpó náà bá ilẹ̀ dọ́gba nígbà náà. Lónìí, ó yọ sókè ní nǹkan bí mítà 4. Òpó kò kúrò lójú kan. Ilẹ̀ ló rì. Bí ilẹ̀ bá sì ti rì tó bẹ́ẹ̀, odò ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ á ga jù ú lọ, ó di dandan kí ẹ̀rọ máa fa omi jáde láìsinmi.

Ti Indonéṣíà tún burú ju èyí lọ. Láàárín àwọn ọdún 1990, ìjọba ibẹ̀ dáwọ́ lé e láti sọ irà tó tó nǹkan bí mílíọ̀nù 1 hẹ́kítà ní Kalimantan di oko ìrẹsì. Wọ́n gbẹ́ ọ̀nà omi tó gùn ní ẹgbẹẹgbẹ̀rún kìlómítà. Ìrẹsì kò so bí wọ́n ṣe retí, ilẹ̀dú gbẹ, iná sì mú un ní 1997. Iná inú ilẹ̀dú kì í ṣe èyí tí èèyàn ń fi garawa omi pa. Abẹ́ ilẹ̀ ló ń rìn. Nǹkan bí ìdá 3 nínú ọgọ́rùn-ún ilẹ̀ ayé péré ni irú ilẹ̀dú bẹ́ẹ̀ wà, síbẹ̀ káábọ́ọ̀nù tó wà nínú rẹ̀, èyí tó ń di gáàsì tó ń mú ayé gbóná bí ó bá jó, ju ti gbogbo igi igbó ayé lọ.

Irà etí òkun ní ewu tirẹ̀. Imí-ọjọ́ àti irin ti so pọ̀ mọ́ra nínú ẹrẹ̀ rẹ̀, kò sì ní wàhálà níwọ̀n ìgbà tí omi bá bò ó. Bí afẹ́fẹ́ bá kàn án, á di ásíìdì, á pa irúgbìn, á sì ṣàn lọ pa ẹja nínú odò.

Gbogbo iṣẹ́ àgbẹ̀ àkùrọ̀, nígbà náà, wà níbi mímọ ibi tí omi dúró sí nínú ilẹ̀, kí a sì mú un dúró síbẹ̀. Ojú àgbàrá kékeré tí kò jìn ló yẹ ká gbẹ́, ká sì fi pákó dí ẹnu rẹ̀, pákó tó ṣeé yọ nígbà tí òjò bá pọ̀ jù, tó sì ṣeé dá padà nígbà tí omi bá ń lọ sílẹ̀. A ó kọ ebè gíga, fífẹ̀, fún ewébẹ̀, kí omi máa wà nínú poro. Gbòǹgbò á wà lókè omi, á sì tún rí ọ̀rinrin fà láti ìsàlẹ̀. Àwọn àgbẹ̀ Xochimilco ní Mẹ́síkò ti ń ṣe irú èyí láti ìgbà tí àwọn Òyìnbó kò tíì dé ibẹ̀. Wọ́n kó ẹrẹ̀ jọ di ilẹ̀ gígùn láàárín ọ̀nà omi, wọ́n gbin igi sí etí rẹ̀ kó má baà ya, wọ́n sì ń wa ẹrẹ̀ ìsàlẹ̀ omi sórí oko láti fi ṣe ajílẹ̀.

Ibi tó rẹlẹ̀ jù ni ti ìrẹsì àti kókò. Ohun tó kórìíra omi, ẹ̀bá ibi gíga ni tirẹ̀. Kì í sì í ṣe dandan kí omi bo ilẹ̀ ìrẹsì ní gbogbo ìgbà. Àjọ IRRI, tó ń ṣèwádìí ìrẹsì ní Philippines, ti tan ọ̀nà kan kálẹ̀: kí àgbẹ̀ ri páìpù tí wọ́n lu ihò sí lára mọ́ inú oko, kó máa yọjú wo inú rẹ̀. Bí omi bá ti lọ sílẹ̀ tó sẹ̀ǹtímítà 15 sí abẹ́ ilẹ̀, kó tún da omi sí i. Nígbà tí ìrẹsì bá ń tanná, omi kò gbọdọ̀ gbẹ lójú ilẹ̀. Ọ̀nà yìí lè dín omi tí oko ń gbà kù tó ìdá 30 nínú ọgọ́rùn-ún, ó sì ń dín methane, gáàsì kan tó ń mú ayé gbóná, tó ń tú jáde láti inú ẹrẹ̀ kù púpọ̀. Oko orí ẹrẹ̀ ni èyí wà fún. Orí ilẹ̀dú jíjìn, ohun tó dára jù ni kí omi máà kúrò rárá; ìdí nìyẹn tí àwọn kan ní Jámánì fi ń dá omi padà sórí irà tí wọ́n ti fà gbẹ tẹ́lẹ̀, tí wọ́n sì ń gbin koríko etí odò tí wọ́n lè fi bo ilé.

Ajílẹ̀ inú àpò àti oògùn apakòkòrò ń fẹ́ ìṣọ́ra níhìn-ín ju ti ilẹ̀ òkè lọ, torí omi abẹ́ ilẹ̀ kò jìnnà. Igbó àti koríko etí odò, tó sábà máa ń jẹ́ ohun àkọ́kọ́ tí àdá ń gé, ló ń sẹ́ àwọn nǹkan wọ̀nyí kí wọ́n tó dé inú omi. Ẹ fi í sílẹ̀.

Ọ̀rọ̀ àkùrọ̀ kì í ṣe ti ẹnì kan ṣoṣo. Kòtò tí ẹnì kan bá gbẹ́ jìn jù á fa omi oko aládùúgbò rẹ̀ lọ, ẹni tó bá sì dí odò lókè ti gba omi lọ́wọ́ àwọn tó wà nísàlẹ̀. Àdéhùn tí àwọn orílẹ̀-èdè fọwọ́ sí ní Ramsar, ní Ìráànì, ní ọjọ́ kejì oṣù kejì ọdún 1971, kò sọ pé kí wọ́n má dáko ní irà. Lílo ọgbọ́n ló ní kí wọ́n fi lò ó, oko ìrẹsì pàápàá sì wà nínú ohun tó kà sí ilẹ̀ olómi. Àdéhùn tó sábà máa ń yanjú ìjà lójú oko kò tó bẹ́ẹ̀: ta ni yóò yọ pákó, ọjọ́ wo, kí omi sì ga tó ibo.

Ẹ tún máa wo gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́ tó wà lókè àkùrọ̀. Bí wọ́n bá gé igi ibẹ̀ tán, iyanrìn á bẹ̀rẹ̀ sí í wọ́ wálẹ̀ nígbà òjò, á dí ojú omi, á sì bo ilẹ̀dú mọ́lẹ̀. Kíkọ ebè ní ìdábùú gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́ náà àti fífi igi sílẹ̀ ní etí rẹ̀ wà lára iṣẹ́ àkùrọ̀, bó tilẹ̀ jẹ́ pé orí ilẹ̀ gbígbẹ ni wọ́n ti ń ṣe é.