Obìnrin Àkọ́kọ́ Tó Di Abẹnugan Ilé Aṣòfin ní Amẹ́ríkà: Abúlé Ló Ti Wá

Ẹni tó bá fẹ́ mọ ibi tí obìnrin ti kọ́kọ́ di abẹnugan ilé aṣòfin ìpínlẹ̀ ní Amẹ́ríkà, ìlú ńlá ni ọkàn rẹ̀ yóò kọ́kọ́ lọ. Kò rí bẹ́ẹ̀. Esmond ni obìnrin náà ń gbé, abúlé kan ní North Dakota, níbi tí oko àlìkámà ti tẹ́ lọ títí tí ojú ò fi tó o mọ́, tí òtútù ibẹ̀ kì í sì í ṣe ti ọyẹ́.

Minnie Davenport Craig lorúkọ rẹ̀. Phillips ní ìpínlẹ̀ Maine ni wọ́n ti bí i ní 1883. Ní 1908 ó lọ́kọ, ọkọ rẹ̀, Edward Craig, sì ń ṣiṣẹ́ báńkì ní Esmond, bó ṣe di ará ibẹ̀ nìyẹn.

Ọ̀rọ̀ àlìkámà la gbọ́dọ̀ sọ kí ọ̀rọ̀ Craig tó yé wa. Àgbẹ̀ North Dakota yóò kórè, ṣùgbọ́n Minneapolis, ní ìpínlẹ̀ mìíràn, ni wọ́n ti ń dá owó lé e. Oníṣòwò ibẹ̀ á wo ọkà, á ní kò dáa tó, owó á já wálẹ̀. Rélùwéè á gba tiẹ̀, báńkì á gba èlé. Àwọn àgbẹ̀ ní kí ìjọba kọ́ ilé ẹ̀rọ tí yóò máa lọ àlìkámà wọn fún wọn. Ní 1915, ilé aṣòfin kọ̀. Wọ́n ní aṣòfin kan tilẹ̀ sọ pé kí wọ́n lọ sílé lọ fún ẹlẹ́dẹ̀ wọn lóúnjẹ. Ọkùnrin náà sẹ́, ṣùgbọ́n ta ló gbọ́? Ọ̀rọ̀ ti dé etí oko.

Ọdún náà gan-an ni A. C. Townley, àgbẹ̀ tí oko rẹ̀ ti forí ṣánpọ́n, dá ẹgbẹ́ Nonpartisan League sílẹ̀. Láàárín ọdún mẹ́rin ẹgbẹ́ àgbẹ̀ yìí ti gba ìjọba. Wọ́n dá Bank of North Dakota, báńkì tó jẹ́ ti ìjọba ìpínlẹ̀ náà, sílẹ̀ ní 1919, ilé ẹ̀rọ àlìkámà náà sì bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní Grand Forks ní 1922. Méjèèjì ṣì wà títí dòní. Inú ẹgbẹ́ yìí, tí kò fi bẹ́ẹ̀ fẹ́ràn báńkì, ni ìyàwó oníbáńkì ti di òṣèlú. Ó pa mí lẹ́rìn-ín díẹ̀.

Àwọn obìnrin ẹgbẹ́ náà dá kíláàbù tiwọn sílẹ̀, Craig sì wà lára àwọn tó ń darí wọn. Nígbà tí ìdìbò 1922 dé, òun àti Nellie Dougherty ni obìnrin méjì àkọ́kọ́ tó wọ ilé aṣojú North Dakota. Ohun kan wà tí kò jẹ́ kí ó ṣòro fún ará oko láti jẹ́ aṣòfin níbẹ̀: nígbà náà, ọgọ́ta ọjọ́ péré ni ilé fi ń jókòó lẹ́ẹ̀kan ní ọdún méjì, láti Oṣù Kìíní, nígbà tí yìnyín ti bo ilẹ̀ tí kò sí iṣẹ́ oko. Ẹ̀ẹ̀mẹfà ni wọ́n dìbò yàn án.

Ní Oṣù Kìíní 1933 ni wọ́n fi í ṣe abẹnugan. Ilé ìjọba tó wà ní Bismarck, olú-ìlú ìpínlẹ̀ náà, níbi tí àwọn aṣòfin ti ń jókòó, ti jóná kanlẹ̀ ní òpin ọdún 1930, tuntun kò sì tíì parí. Ọ̀dá ti mú, owó àlìkámà ti wọlẹ̀, ó lé ní 500 báńkì tó ti kógbá sílé ní ìpínlẹ̀ náà láti 1920. Àwọn onígbèsè ń pàdánù oko bàbá wọn. Ní Oṣù Kẹta ọdún náà, gómìnà William Langer pàṣẹ pé kí wọ́n yé gba oko lọ́wọ́ àgbẹ̀ tó jẹ gbèsè.

Abẹnugan là ń pè é, bẹ́ẹ̀ iṣẹ́ rẹ̀ gan-an ni kí ó mọ ẹni tí yóò fún láyè láti sọ̀rọ̀, àti ìgbà tí yóò kan òòlù mọ́ tábìlì kí onítọ̀hún dákẹ́. Nínú ilé tí ọkùnrin kúnnú rẹ̀ fọ́fọ́, obìnrin ló di òòlù náà mú.

Kò díje mọ́ lẹ́yìn èyí. Ó bá ètò ìrànlọ́wọ́ ìjọba àpapọ̀ ṣiṣẹ́ láàárín àwọn tí ìyà ń jẹ. Ní ìparí àwọn ọdún 1930 ó tún padà sínú ilé náà, lọ́tẹ̀ yìí gẹ́gẹ́ bí akọ̀wé àgbà, ó jókòó sídìí tábìlì tó wà níwájú àga tí òun fúnra rẹ̀ ti jókòó lé rí. Ó kú ní 1965.