Ọta Ló Ni Ìbọn: Bí Ìbọn Arọ̀jò-ọta Ṣe Dé Àríwá, àti Bí Kàdúná Ṣe Bẹ̀rẹ̀ Tirẹ̀

Ọdún 1964 ni ìjọba àpapọ̀ dá DICON, ilé-iṣẹ́ tó ń ṣe ohun ìjà fún Nàìjíríà, sílẹ̀ ní Kàdúná. Iṣẹ́ méjì ni wọ́n gbé lé e lọ́wọ́: kó máa ṣe ìbọn, kó sì máa ṣe ọta. Bí ọ̀rọ̀ rẹ̀ bá délẹ̀ láàárín àwa Yorùbá tí a wà ní Kàdúná tàbí Àbújá, ìbọn nìkan la máa ń bèèrè: irú èwo ni wọ́n ń ṣe, ṣé ó tó ti òyìnbó? Iye ọta tí wọ́n lè ṣe lóṣù ló yẹ ká kọ́kọ́ bèèrè. Ẹni tó bá tọ ìtàn ìbọn arọ̀jò-ọta ní Àríwá dé ìpilẹ̀ rẹ̀ yóò rí i pé ọ̀rọ̀ ọta, omi àti alárù ló kún inú rẹ̀, ọ̀rọ̀ akọni kò pọ̀ tó bẹ́ẹ̀.

Hiram Maxim, ọmọ Amẹ́ríkà tó lọ ń gbé Lọ́ńdọ̀nù, ló gbé ìbọn náà jáde ní 1884. Kí tirẹ̀ tó dé, Gatling ti wà, ṣùgbọ́n ọwọ́ ni wọ́n fi ń yí i bí ẹni ń yí ẹ̀rọ ìlọta ọlọ́wọ́. Bí ọwọ́ bá rẹ ẹni tó ń yí i, ìbọn náà dákẹ́. Gbogbo ìbọn ló máa ń ti èjìká ẹni tó yìn ín sẹ́yìn nígbà tí ọta bá bú. Agbára tó ń ṣòfò yìí ni Maxim gbà, tó sọ di òṣìṣẹ́. Ọ̀pá ìbọn àti irin tó dé ìdí ọta a jọ sún sẹ́yìn díẹ̀. Irin méjì tó so wọ́n pọ̀ bí orúnkún a ká, ìdè a tú, á fa kòròfo ọta tó ti bú jáde, á fa ọta mìíràn láti inú bẹ́líìtì, sípíríǹgì á sì dá gbogbo rẹ̀ padà sáyè. Bí ẹni tó ń yìn ín kò bá gbé ọwọ́ kúrò, bí ọta 600 ni yóò jáde ní ìṣẹ́jú kan.

Bẹ́líìtì aṣọ ni wọ́n ń lò, ọta 250 ló wà nínú ọ̀kan. Ìṣẹ́jú-àáyá 25 péré, bẹ́líìtì kan ti tán. Ọta .303 kan, irú tí àwọn Gẹ̀ẹ́sì ń lò, wúwo tó gíráàmù 25 tàbí kó dín díẹ̀, nítorí náà alárù tó ru kílò 25 kò lè ru ju bí ọta 1,000 lọ, ká tiẹ̀ má ka àpótí mọ́ ọn. Ẹrù tí ọkùnrin kan fi orí rù láti Lọ́kọ́jà ni ìbọn yìí yóò jẹ tán kó tó pé ìṣẹ́jú méjì. Ìdí nìyí tí ọ̀gá tó gbọ́n kò fi ń jẹ́ kí wọ́n yìn ín láìdá ọwọ́ dúró. Díẹ̀díẹ̀ ni wọ́n ń yìn ín, ibi tí ọ̀tá bá ti pọ̀ jù sì ni wọ́n ń doríi rẹ̀ kọ.

Omi ni wàhálà kejì. Ọ̀pá Maxim wà nínú agolo tó gba bíi lítà mẹ́rin omi. Bí wọ́n bá yìn ín fún bí ìṣẹ́jú kan láìdúró, omi yẹn á hó, láti ìgbà náà ló sì ti ń di èéfín omi gbígbóná tó ń tú sókè, tó ń júwe ibi tí ìbọn wà fún ọ̀tá, tí wọ́n sì gbọ́dọ̀ máa bu omi mìíràn sí i. Ní etí odò Ọya, èyí kò ṣòro. Ní agbègbè Sókótó nígbà ẹ̀ẹ̀rùn, ìbọn, ẹṣin àti èèyàn ló jọ ń du kànga kan náà.

Òjò àti ọyẹ́ pín ìyókù. Bẹ́líìtì aṣọ tó bá mu omi òjò á wú, á fún ọta mọ́ra, ìbọn kò sì ní lè fà á jáde. Nígbà ọyẹ́, eruku á dà mọ́ òróró tí wọ́n fi pa irin, á di amọ̀. Afìbọn tó mọ iṣẹ́ rẹ̀ kì í tú ìbọn palẹ̀ lójú ogun. Ọwọ́ irin kan wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọ̀tún tó ń yí bí ìbọn ṣe ń ṣiṣẹ́. Ibi tó bá dúró sí ló ń sọ ohun tó ṣẹlẹ̀: ọta ni kò wọlé tán ni, àbí kòròfo ló ya sínú ọ̀pá, àbí bẹ́líìtì ló há. Wọ́n á lù ú síwájú, wọ́n á fa bẹ́líìtì, wọ́n á sì máa bá ìjà lọ.

Ilẹ̀ Yorùbá ti rí i kí Sókótó tó rí i. Ní Ìmàgbọn, ní oṣù Karùn-ún 1892, ìbọn Snider wà lọ́wọ́ àwọn Ìjẹ̀bú, wọ́n sì jà dáadáa létí odò, ṣùgbọ́n Maxim wà lọ́wọ́ àwọn tí ìjọba Èkó rán wá. Ọdún márùn-ún lẹ́yìn náà ni ọmọ ogun Royal Niger Company, ilé-iṣẹ́ oníṣòwò Gẹ̀ẹ́sì, gbéra ní Lọ́kọ́jà. Kàbbà, láàárín àwọn Okun, ni wọ́n kọ́kọ́ wọ̀ ní oṣù Kìíní 1897. Ogun Núpé tó ti ń jọba lé wọn lórí ti ṣí kúrò níbẹ̀. Lẹ́yìn ìyẹn ni wọ́n jà ní Bídà lọ́jọ́ 26 àti 27 oṣù náà, wọ́n sì dé Ìlọrin ní oṣù Kejì. Ọ̀nà kan náà ni wọ́n gbà jà níbi méjèèjì: ṣọ́jà tò ní igun mẹ́rin, alárù àti ọta wà láàárín, Maxim wà ní àwọn igun. Ẹlẹ́ṣin tó bá sáré bọ̀ kò rí ẹ̀yìn tí yóò gbà wọlé, nítorí igun mẹ́rin kò lẹ́yìn.

Nígbà tí Lugard kó West African Frontier Force, ọmọ ogun Gẹ̀ẹ́sì ní Ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà, jọ sí Lọ́kọ́jà láti 1897, ètò yìí ni wọ́n mú lọ. Kánò bọ́ ní oṣù Kejì 1903, Sókótó ní oṣù Kẹta. Àmọ́ àwọn tó ń sọ pé Maxim ló gba Àríwá kò sọ gbogbo rẹ̀. Odi amọ̀ kò bẹ̀rù ọta ìbọn. Àgbá ni wọ́n fi fọ́ ọ̀nà sínú odi Kánò. Ní Búrmì, níbi tí Sultan Attahiru sá lọ, àwọn ará ìlú lé ọmọ ogun òyìnbó padà lẹ́yìn odi wọn ní oṣù Karùn-ún 1903, ó sì di ọjọ́ 27 oṣù Keje kí ìlú náà tó bọ́, tí Attahiru sì kú síbẹ̀. Ọ̀gá tó ṣáájú ogun náà, Major Marsh, kú síbẹ̀ pẹ̀lú.

Sátírú ni ẹ̀kọ́ ibẹ̀ ti hàn jù. Abúlé kan nítòsí Sókótó ni. Ní ọjọ́ 14 oṣù Kejì 1906, ẹgbẹ́ ṣọ́jà ẹlẹ́ṣin kan lọ bá àwọn ará abúlé tó ti kọ̀yìn sí ìjọba, Maxim sì wà lọ́wọ́ wọn. Wọn kò tíì tò tán tí àwọn ará Sátírú fi ya bò wọ́n pẹ̀lú ọkọ́, àáké àti ọ̀kọ̀. Òyìnbó mẹ́ta kú, ṣọ́jà dúdú mẹ́ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n kú, Maxim sì bọ́ sọ́wọ́ àwọn àgbẹ̀. Ohun tó fà á kò ju èyí lọ: ìbọn tó nílò ẹsẹ̀ mẹ́ta lábẹ́, omi nínú agolo, bẹ́líìtì nínú ẹnu àti èèyàn lẹ́gbẹ̀ẹ́, ẹrù irin lásán ni bí ọ̀tá bá débẹ̀ ṣáájú kí wọ́n tó gbé e kalẹ̀. Ní oṣù Kẹta ọdún kan náà ni ìjọba padà wá, wọ́n pa Sátírú run, ẹ̀mí tó sì bọ́ níbẹ̀ pọ̀ débi pé àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba Lọ́ńdọ̀nù pàápàá bínú sí i.

Lẹ́yìn náà ni ọ̀rọ̀ yí padà, nítorí ọ̀tá náà ní irú rẹ̀. Ní òru ọjọ́ 30 oṣù Kẹjọ 1914, ọmọ ogun Nàìjíríà tó gbéra láti Yola kọlu àwọn Jámánì ní Garua, ní Kamẹrúùnù. Inú kòtò ni àwọn Jámánì ti gbé ìbọn arọ̀jò-ọta tiwọn kalẹ̀. Lieutenant-Colonel Maclear kú, àwọn tó kù sì padà sí Yola. Oṣù Kẹfà 1915 ni Garua tó jọ̀wọ́ ara rẹ̀, nígbà tí wọ́n gbé àgbá ńlá wá.

Vickers tí Gẹ̀ẹ́sì gbà wọlé ní 1912 kò ju Maxim tí wọ́n dín ìwúwo rẹ̀ kù lọ. Bren ló mú ìyípadà gidi wá, ní 1938: àwọn ará Czechoslovakia ló dá irú rẹ̀, Gẹ̀ẹ́sì sì tún un ṣe fún ọta .303. Kò nílò omi. Bí ọ̀pá bá gbóná, wọ́n á yọ ọ́, wọ́n á fi èyí tó tutù sí i. Ọta 30 ni apó rẹ̀ gbà, àmọ́ 28 ni ọ̀pọ̀ ṣọ́jà ń kó sí i kí sípíríǹgì má bàa há. Òun ni àwọn ọmọ Nàìjíríà gbé lọ sí Burma. Ní àfonífojì Kaladan ní 1944, ọkọ̀ òfuurufú ló ń ju ọta àti oúnjẹ fún Division 81 ti Ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà, orí àwọn alárù sì ni wọ́n fi ń kó o tẹ̀lé wọn nínú igbó. Ó lé ní ogójì ọdún lẹ́yìn Kánò, orí alárù ṣì ni ìbọn gbójú lé.

Báyìí ni ìjọba tuntun ṣe rí ara rẹ̀ ní òmìnira: ìbọn òyìnbó, ọta òyìnbó. DICON ni ìdáhùn. Ilé-iṣẹ́ Fritz Werner láti Ìwọ̀-oòrùn Jámánì ló bá wọn gbé ẹ̀rọ kalẹ̀ ní Kàdúná, iṣẹ́ Beretta ti Ítálì ni wọ́n sì kọ́kọ́ mú: ráífù BM59 àti ìbọn kékeré M12 tó ń yin 9 mm. BM59 kì í ṣe ohun tuntun pátápátá. Garand ti Amẹ́ríkà ni, tí àwọn ará Ítálì sọ di èyí tó ń yin 7.62 × 51 mm (fífẹ̀ ọta àti gígùn kòròfo rẹ̀), tí wọ́n sì fún ní apó tó gba ọta 20. Ìbẹ̀rẹ̀ tó bójú mu ni, nítorí iṣẹ́ rẹ̀ ti dá àwọn èèyàn lójú.

Ogun abẹ́lé kò jẹ́ kí ó dàgbà. Láàárín 1967 sí 1970, ọmọ ogun àpapọ̀ gbilẹ̀ láti bí 10,000 dé bí 250,000. Kò sí ilé-iṣẹ́ ọlọ́dún mẹ́ta tó lè bọ́ iye ẹnu bẹ́ẹ̀. Ibi gbogbo ni wọ́n ti ra ìbọn, oríṣiríṣi ọta sì bá a wọlé.

Lẹ́yìn ogun ni wọ́n mú FAL ti Bẹ́ljíọ̀mù, tí Kàdúná ń pè ní NR1. Dieudonné Saive ti ilé-iṣẹ́ FN ló dá a. Èéfín ọta ló ń ṣiṣẹ́ nínú tirẹ̀: díẹ̀ nínú rẹ̀ á gba ihò kan lókè ọ̀pá, á ti irin gígùn kan sẹ́yìn. Òrùka kan wà níbẹ̀ tí ṣọ́jà lè yí láti fi kún èéfín tàbí dín in kù. Bí eruku ọyẹ́ bá mú ìbọn lọ́ra tó fi ń kùnà láti tu kòròfo dànù, wọ́n á fi kún un. Aṣìṣe tó wọ́pọ̀ ni kí èèyàn fún un ní gbogbo èéfín láti ìbẹ̀rẹ̀: ìbọn á máa ja ara rẹ̀, irin inú rẹ̀ á sì tètè gbó. FAL kò tún dára fún arọ̀jò. Ó fúyẹ́ jù fún ọta rẹ̀, ẹnu rẹ̀ á máa gòkè. Iṣẹ́ yẹn ni wọ́n fi sílẹ̀ fún MAG, tí FN ṣe ní òpin àwọn ọdún 1950, tó wúwo tó bíi kílò 12, tó ń lo bẹ́líìtì irin, tí wọ́n sì lè pààrọ̀ ọ̀pá rẹ̀ kíá.

Ní ti ọta fúnra rẹ̀, ibẹ̀ ni iṣẹ́ le sí. Idẹ kòròfo gbọ́dọ̀ jẹ́ bí bàbà 70 àti síǹkì 30 nínú 100. Wọ́n á tẹ̀ ẹ́ bí ife, wọ́n á fà á gùn lẹ́ẹ̀mélòó kan, wọ́n á sì máa yan án lórí iná láàárín, nítorí idẹ tí wọ́n bá ń fà láìyan á le, á sì ya. Àwọn Gẹ̀ẹ́sì rí èyí ní Íńdíà: ọta tí wọ́n tọ́jú sítòsí ilé ẹṣin nígbà òjò là ní ọrùn, nítorí amóníà inú ìtọ̀ ẹṣin bá agbára tó ṣì há sínú idẹ náà. Ooru ilé ìṣúra náà ń ba ẹ̀tù jẹ́. Irin tó yẹ kí Àjàòkúta, ilé-iṣẹ́ irin tí wọ́n dá sílẹ̀ ní 1979, máa pèsè kò tíì dé.

Ní 2006, Kàdúná gbé OBJ-006 jáde, ẹ̀dà AK tí wọ́n fi orúkọ Ọbásanjọ́ pè, 7.62 × 39 mm ló sì ń yìn. Ráífù Beryl M762 ti Pólàǹdì ń yin èyí kan náà. NR1 àti MAG ń yin 7.62 × 51. PKM, ìbọn arọ̀jò-ọta ti Rọ́ṣíà tó wọ́pọ̀ ní Ìlà-oòrùn Àríwá, ń yin 7.62 × 54R, tí etí wà ní ìdí rẹ̀. Òfin DICON tuntun ti 2023 ṣí ilẹ̀kùn fún àwọn oníṣòwò láti bá a ṣiṣẹ́, ṣùgbọ́n òfin kò lè mú kí ọta mẹ́ta yìí di ọ̀kan. Akọ̀wé ìṣúra tó bá kọ “7.62” lásán sínú ìwé ìbéèrè lè rí àpótí tó kún gbà, kí ó má sì sí ẹyọ ọta kan nínú rẹ̀ tó wọ inú ìbọn tó wà níwájú. Gígùn kòròfo ni kó kọ tẹ̀ lé e, 39, 51 tàbí 54R, kó sì kọ ti bẹ́líìtì sí i: PKM kì í gba bẹ́líìtì MAG.